Gbólóhùn Tí Burkhard Stölting Kò Sọ

Burkhard Stölting kò sọ gbólóhùn náà. Èmi ni mo kọ ọ́. Mo kọ ọ́ ní ọ́fíìsì mi ní Kaltenrode, ní ọ̀sán gangan, ojú mi sì dá ṣáṣá. Ẹnikẹ́ni kò fi ipá mú mi. Ìròyìn tó yẹ kí ẹ ti kà láti ọjọ́ pípẹ́ nìyẹn, ká ní mo jẹ́ oníròyìn gidi. Henning Brackmeier ni orúkọ mi. Ẹ mọ̀ mí. Ẹ ti kà mí nínú ìwé ìròyìn, ẹ ti dìbò fún mi lọ sí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin, láti ìgbà tí mo sì ti fi ìṣèlú sílẹ̀ ni ẹ ti ń gbọ́ ohùn mi lórí rédíò ní gbogbo òwúrọ̀ ọjọ́ Ajé, níbi tí mo ti ń dá àwọn olóṣèlú yòókù lẹ́jọ́. Dókítà ti sọ fún mi pé àrùn jẹjẹrẹ tó wà nínú ẹ̀dọ̀ mi kò gbóògùn mọ́. Òtítọ́ tí mo bò mọ́lẹ̀ kò gbọdọ̀ bá mi wọ sàréè. Ní ọjọ́ Bàbárà Mímọ́, ẹni mímọ́ tó ń dáàbò bo àwọn awakùsà, nínú oṣù Kejìlá, ẹgbẹ́ àwọn awakùsà Kaltenrode yóò ka orúkọ àwọn ọmọ ẹgbẹ́ wọn tó ti kú, gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti ń ṣe lọ́dọọdún. Wọn kò ka orúkọ Burkhard rí. Opó rẹ̀, Irmtraud, ń lọ síbẹ̀ lọ́dọọdún, ó ń jókòó, ó ń tẹ́tí, ó sì ń padà sílé. Èmi ni mo fà á. Mo fẹ́ kí wọ́n ka orúkọ náà lọ́dún yìí, kí obìnrin náà tó kú. Ìdí tí mo fi kọ̀wé yìí kò ju ìyẹn lọ.

Ó yẹ kí ẹ̀yin tí ẹ kò bá a láyé mọ irú ẹni tó jẹ́. Kò tíì hu irùngbọ̀n nígbà tó kọ́kọ́ wọ inú kòtò lọ wa iyọ̀ tí wọ́n fi ń ṣe ajílẹ̀, iyọ̀ tí pàǹtí rẹ̀ di òkè funfun lẹ́yìn ìlú wa. Láti inú kòtò ló ti bọ́ sí ipò aṣáájú ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́, láti ibẹ̀ ló sì ti dé ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ní Bonn. Tó bá ti Bonn dé lọ́jọ́ Ẹtì, kì í kọ́kọ́ lọ sílé. Ẹnubodè kòtò ló ń lọ, nígbà tí àwọn òṣìṣẹ́ òwúrọ̀ bá ń jáde, tí yóò máa bá wọn jẹ búrẹ́dì tí wọ́n tẹ́ ẹran ẹlẹ́dẹ̀ tútù àti àlùbọ́sà sí lórí, tí yóò sì máa gbọ́ èébú wọn. “Burkhard, ikùn ẹ mà ń ṣojú wa dáadáa ní Bonn o!” Òun náà á dá wọn lóhùn pé: “Òun nìkan ló máa ń kùn níbẹ̀ tí wọ́n ń gbọ́.” Èmi ni mo ń kọ ìròyìn rẹ̀ fún ìwé ìròyìn àgbègbè wa. Ó jù mí lọ dáadáa lọ́jọ́ orí, ó sì fẹ́ràn mi. N kò ní ìdí kankan láti kórìíra rẹ̀. Kí ẹnikẹ́ni má ṣe bá mi wá ọ̀kan.

Àwa oníròyìn ilẹ̀ Jámánì ní àṣà kan tí àwọn ẹlẹgbẹ́ wa nílẹ̀ òkèèrè fi ń fi wá ṣe yẹ̀yẹ́. Bí a bá fi ọ̀rọ̀ wá olóṣèlú lẹ́nu wò, a kì í tẹ ìbéèrè àti ìdáhùn náà jáde láìjẹ́ pé a kọ́kọ́ fi í ránṣẹ́ sí i, kí ó kà á, kí ó tún un ṣe, kí ó sì fọwọ́ sí i. Ohun tí kò bá fọwọ́ sí, kò sọ ọ́, kódà kó jẹ́ pé ó pariwo rẹ̀ lójú ọjà. Ohun tó bá fọwọ́ sí, ó ti sọ ọ́, kódà kó jẹ́ pé kò la ẹnu rárá. Ọ̀pọ̀ olóṣèlú ló ti fi àṣà yìí gbé ọ̀rọ̀ ẹnu ara wọn mì. Èmi ni mo fi í ki ọ̀rọ̀ bọ ẹlòmíràn lẹ́nu. Àwọn ará Bonn a máa fi gègé pupa ha ìdáhùn wọn títí tí kò fi ní adùn mọ́. Burkhard kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Ó kà á sí àfojúdi láti máa yẹ iṣẹ́ ọmọlúwàbí wò. Tí mo bá ti fi ìwé náà ránṣẹ́, á tẹ̀ mí láago: “Henning, ṣé bí mo ṣe sọ ọ́ lo ṣe kọ ọ́?” Màá ní bẹ́ẹ̀ ni. Á ní: “Ó yá, tẹ̀ ẹ́.” Bẹ́ẹ̀ ló rí láàárín wa fún ọ̀pọ̀ ọdún, n kò sì tàn án jẹ rí, títí di ọjọ́ tí mo tàn án jẹ.

Ottmar Kreienbrink ni alága ẹgbẹ́ òṣèlú wa ní àgbègbè náà nígbà yẹn. Burkhard kì í gbọ́rọ̀ sí i lẹ́nu, ìdìbò sì ń bọ̀. Odi Berlin ti wó, ọjà iyọ̀ ti bàjẹ́, gbogbo ìlú ló ń sọ ọ́ wúyẹ́wúyẹ́ pé kòtò wa máa tì. Kreienbrink pè mí jókòó nílé ọtí. Ó ní: “Henning, ṣé bó o ṣe máa máa kọ nípa àwọn tó ń ṣe nǹkan rèé títí wàá fi darúgbó? Ṣé ìwọ náà ò lè ṣe nǹkan ni?” Mo ní: “Ipò Burkhard ò ṣófo.” Ó rẹ́rìn-ín. “Ta ló sọ fún ẹ pé ipò máa ń ṣófo fúnra ẹ̀? Wọ́n máa ń gbá a ni, bí ìgbà téèyàn ń gbálẹ̀.” Mo bi í léèrè ohun tó fẹ́ kí n ṣe. “Èmi? Mi ò ní kó o ṣe nǹkan kan o. Gbólóhùn kan péré ló máa ń gbé olóṣèlú ṣubú, ìwọ lo sì mọ ẹnu bàbá yẹn jù.” Kò sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ó ti kú báyìí, n kò sì ní ti ẹ̀bi mi sí òkú lọ́rùn. Ó fi ilẹ̀kùn hàn mí. Ẹsẹ̀ ara mi ni mo fi wọlé.

Mo fi ọ̀rọ̀ wá Burkhard lẹ́nu wò nílé rẹ̀. Irmtraud wà ní ilé ìwòsàn ní Kassel nígbà náà, wọ́n fẹ́ ṣiṣẹ́ abẹ fún ọkàn rẹ̀. Burkhard fúnra rẹ̀ ló po kọfí, kọfí náà kò sì dára. Mo tan ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀, mo bi í nípa kòtò. Ohun tó sọ rèé, mo mọ̀ ọ́n sórí bí ènìyàn ṣe ń mọ ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀ sórí: “Mi ò lè ṣèlérí pé kòtò náà ò ní tì. Ẹni tó bá ṣe irú ìlérí yẹn, ẹ má dìbò fún un. Ohun tí mo lè ṣèlérí ni pé tó bá máa tì, ìṣojú mi ni, mi ò sì ní sá fún ẹnikẹ́ni.” Nígbà tí mo padà dé ọ́fíìsì, mo yọ ìdáhùn yẹn kúrò. Mo fi èyí rọ́pò rẹ̀: “Kòtò náà ti kú. Àwọn tó ti lé ní àádọ́ta ọdún ò nílò iṣẹ́ mọ́. Kí wọ́n máa lọ tọ́jú ọgbà ẹ̀fọ́ wọn.” Mo mọ bó ṣe máa ń sọ̀rọ̀, mo sì gbẹ́ irọ́ náà títí ó fi jọ ọ́. Mo fi ẹ̀rọ fáàkìsì fi ìwé náà ránṣẹ́ sílé rẹ̀. Mo ti pèsè ẹ̀rín sílẹ̀: bó bá kà á tó sì figbe ta, màá sọ pé àwàdà ni. Ẹ wo bí mo ṣe gbọ́n tó.

Láti ọ̀dẹ̀dẹ̀ ilé ìwòsàn ló ti tẹ̀ mí láago. Ó ní: “Henning, wọ́n ti gbé e wọlé. Wọ́n ní kí n máa dúró.” Mo bá a kẹ́dùn. Mo ní ìwé rẹ̀ ti wà nílé. Ó ní: “Mi ò lè kúrò níbí lónìí. Ṣé bí mo ṣe sọ ọ́ lo ṣe kọ ọ́?” Àlàfo díẹ̀ wà lẹ́yìn ìbéèrè náà, mo ń gbọ́ bí wọ́n ṣe ń ti kẹ̀kẹ́ aláìsàn kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Àyè wà nínú àlàfo yẹn fún mi láti padà di ènìyàn. Mo ní: “Bí ẹ ṣe sọ ọ́ ni.” Ó ní: “Ó yá, tẹ̀ ẹ́. Kó o sì bá mi gbàdúrà fún un.” Ó wá rẹ́rìn-ín díẹ̀, ẹ̀rín ẹni tí ẹ̀rù ń bà: “Àbí ìwọ tiẹ̀ mọ àdúrà?”

Ìwé ìròyìn jáde lọ́jọ́ Àbámẹ́ta. Ká tó jẹun ọ̀sán, wọ́n ti gbé ṣọ́bìrì sí ẹnu ọ̀nà Burkhard. Lẹ́yìn náà ni rééki, lẹ́yìn náà ni kábéèjì tó ti rà, tí wọ́n so mọ́ géètì rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Àwọn ọkùnrin tó bá a ṣiṣẹ́ nínú òkùnkùn ń gun kẹ̀kẹ́ kọjá, wọ́n ń kígbe pé: “Alàgbà, ẹ jáde wá bá wa ro ọgbà! Àbí ọwọ́ yín ti rọ̀ jù?” Ọ̀kan nínú wọn, Volker Nottbohm, tó jẹ́ pé Burkhard ló kọ́ ọ níṣẹ́, tutọ́ sí ojú fèrèsé rẹ̀. Àwọn oníròyìn láti Bonn pè é, wọ́n bi í bóyá òun ló sọ ọ́. Ó ní òun fọwọ́ sí ìwé náà. Kò tún sọ nǹkan mìíràn. Ó dá a lójú pé ẹni tó bá fọwọ́ sí ọ̀rọ̀ gbọ́dọ̀ gbé e, kò sì fẹ́ dárúkọ mi fún ẹnikẹ́ni kó tó bi mí léèrè fúnra rẹ̀. Ó bọ̀wọ̀ fún àṣà iṣẹ́ mi ju bí èmi ṣe bọ̀wọ̀ fún un lọ.

Ó wá sí ọ́fíìsì mi lọ́jọ́ kejì. Títí dé ibi tí mo sọ̀rọ̀ dé yìí, olè ni mí. Ohun tó kàn ló burú jù, n kò sì mọ orúkọ tí wọ́n ń pè é. Kò bínú. Ó jókòó, ó fi fìlà rẹ̀ sórí orúnkún. “Henning, sọ fún mi. Ṣé mo sọ ọ́?” Mo ti múra sílẹ̀ fún ariwo, n kò múra sílẹ̀ fún ìbéèrè. Mo ní: “Ẹ sọ ọ́.” Ó ní: “Mi ò rántí.” Mo ní: “Ó ti rẹ̀ yín lọ́jọ́ náà. Ọkàn yín wà lọ́dọ̀ ìyàwó yín. Ẹ sọ ọ́ ní ohùn kékeré, lẹ́yìn tí ẹ dìde lọ bu kọfí. Mo tiẹ̀ rò pé ẹ máa yọ ọ́ nígbà tí ẹ bá kà á.” “Kásẹ́ẹ̀tì ńkọ́?” Mo ní mo ti gba ohùn ẹlòmíràn sórí rẹ̀, bí a ṣe máa ń ṣe. Kásẹ́ẹ̀tì náà wà nínú dúrọ́ọ̀ tí orúnkún mi fara kàn. Burkhard wo ọwọ́ ara rẹ̀ pẹ́. Mo rí i bí ó ṣe ń wá inú ọpọlọ rẹ̀ kiri, bí ẹni tó ń wá kọ́kọ́rọ́ tí kò sí nínú àpò. Lẹ́yìn náà ló ní: “Ìwọ ò ní ìdí láti purọ́ fún mi. Tó bá jẹ́ mo sọ ọ́, mo ní láti lọ bẹ̀ wọ́n.” Ó dìde, ó bọ̀ mí lọ́wọ́, ó dúpẹ́ lọ́wọ́ mi. Kó tó ilé rẹ̀, mo ti ju kásẹ́ẹ̀tì náà sínú odò.

Ó bẹ̀ wọ́n lóòótọ́. Gbọ̀ngàn àwọn awakùsà kún dé ẹnu ọ̀nà. Èmi wà ní ìlà iwájú, mò ń kọ ìròyìn. Ó ní: “Mo sọ ohun tí kò yẹ kí n sọ. Mi ò mọ ibi tó ti wá, àmọ́ ẹnu mi ló ti jáde. Ẹ jọ̀ọ́.” Ẹnì kan kígbe láti ẹ̀yìn: “Ẹnu kì í dá sọ̀rọ̀! Ohun tó kún inú ló ń dà síta!” Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún ẹni tó kígbe. Burkhard wo ojú mi, bí ọmọ ṣe ń wo olùkọ́ rẹ̀ láti mọ̀ bóyá òun kà á dáadáa. Mo mi orí sí i pé kó máa bá a lọ. Ó sì ń bá a lọ. Lọ́jọ́ náà ni ẹgbẹ́ awakùsà yọ orúkọ rẹ̀ kúrò. Nígbà tí ẹgbẹ́ òṣèlú pàdé láti yan olùdíje, òun fúnra rẹ̀ ló dìde tó dárúkọ mi. Ó ní: “Ẹni tí kò bá mi bo àṣìṣe mi, kò ní bá ẹnikẹ́ni bo tiẹ̀.” Kreienbrink fi ẹsẹ̀ gbá ẹsẹ̀ mi lábẹ́ tábìlì. Mo wọlé ìbò.

Burkhard kú ní òpin ìgbà òtútù kan, ọdún díẹ̀ lẹ́yìn tí kòtò tì. Nílùú wa, awakùsà ló ń gbé òkú awakùsà, pẹ̀lú aṣọ dúdú àti ìyẹ́ lórí fìlà. Kò sí ọ̀kankan níbẹ̀. Àwọn tí wọ́n háyà ló gbé e. Èmi, gẹ́gẹ́ bí aṣòfin, ni mo sọ̀rọ̀ lẹ́bàá ibojì. Mo yìn ín fún ìgboyà tó fi jẹ́wọ́ àṣìṣe. Ẹ tún gbọ́ èyí. Nígbà tí mo di alásọyé, mínísítà kan figbe ta pé ìwé ìròyìn yí ọ̀rọ̀ òun padà. Mo sọ lórí rédíò pé: “Ọkùnrin tó fọwọ́ sí ọ̀rọ̀ rẹ̀, kó gbé e bí ọkùnrin.” Ọ̀pọ̀ nínú yín kọ̀wé láti kí mi kú iṣẹ́. Mo ka gbogbo rẹ̀, inú mi sì dùn. Irú ènìyàn tí mo dà nìyẹn.

Lẹ́yìn tí dókítà bá mi sọ̀rọ̀, mo lọ sọ́dọ̀ Irmtraud. Ọkàn tí wọ́n tún ṣe lọ́jọ́ náà ṣì ń lù. Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un nínú ilé ìdáná rẹ̀, ó sì ń bó ànàmọ́ lọ, kò dá ọ̀bẹ dúró. Nígbà tí mo parí, ó ní: “Mo sọ fún un. Mo ní, Burkhard, ọ̀rọ̀ yìí ò jọ ẹ́. Ó ní Henning ò lè parọ́ mọ́ òun. Ṣé o mọ ohun tó ń sọ ní gbogbo alẹ́ tí kò bá rí oorun sùn? Ó ní, ‘Irmtraud, mi ò mọ ìgbà tí mo di ẹni tó lè sọ irú nǹkan yẹn.’ Ó wá ìgbà náà títí ó fi kú.” Mo yọ ìwé yìí sílẹ̀, mo ní kó kà á, kó tún ohun tó bá fẹ́ ṣe, kó fọwọ́ sí i kí n tó fún olóòtú. Ìgbà yẹn ló tó gbé ọ̀bẹ kalẹ̀. “Ìwọ yìí! O tún gbé e dé? Mi ò ní kà á, mi ò sì ní fọwọ́ sí nǹkan kan fún ẹ láyé mi. Gbé ẹrù ẹ fúnra ẹ.” Mo bi í bóyá ohun kan wà tí mo lè ṣe. Ó ní: “Jẹ́ kí n gbọ́ orúkọ ẹ̀ láàárín àwọn èèyàn ẹ̀. Tó ò bá lè ṣèyẹn, má wá jẹ oúnjẹ ìsìnkú mi.”

Mo kọjá sọ́dọ̀ Volker Nottbohm. Òun ni alága ẹgbẹ́ awakùsà báyìí, èéfín àti iyọ̀ ti ba ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀ jẹ́, ó ń mí bí ẹni tó ń gun òkè. Ó gbọ́ mi dé òpin. Ó ní: “Ẹ̀rí dà?” Mo ní kò sí, mo ti jù ú sódò. “Kreienbrink ńkọ́?” Mo ní ó ti kú. Ó ní: “Ta wá ni ká gbà gbọ́ báyìí? Henning tó ní ó sọ ọ́, àbí Henning tó ní kò sọ ọ́? Ẹ̀yin olóṣèlú, tí ikú bá ti kanlẹ̀kùn, ẹ máa fẹ́ dára lójijì.” Ó wá kọjú sí ògiri. “Mo tutọ́ sí fèrèsé ọkùnrin yẹn o, Henning. Tí mo bá gbà ẹ́ gbọ́, kí ni màá fi itọ́ yẹn ṣe?” Ó ní kí n lọ kọ ọ́ síta, níbi tí gbogbo ayé á ti rí mi, kí ẹgbẹ́ lè rí ohun tó máa gbà lọ́wọ́ mi. Lẹ́yìn náà, wọ́n á jókòó sọ̀rọ̀. Kò ṣèlérí kankan.

Mo ti kọ ọ́ wàyí. Mo ti kọ̀wé fi rédíò sílẹ̀, mo ti dá oyè ọmọ ìlú pàtàkì tí Kaltenrode fi dá mi lọ́lá padà. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tó ń bọ̀ nídìí iṣẹ́ ìròyìn, ẹ gbọ́ o: ẹni tí ẹ bá parọ́ mọ́ lè bá yín jà, ó lè pè yín lẹ́jọ́, ó lè borí. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá mú kí ó gba irọ́ náà gbọ́ nípa ara rẹ̀, ẹ ti gba ilé lọ́wọ́ ẹni tó ń gbé inú rẹ̀, yóò sì máa rìn kiri lóde títí tí ilẹ̀ yóò fi gbà á. Ẹ má ṣe é. Ẹ má sọ pé ẹ kò ní ṣe é. Èmi náà ti rò bẹ́ẹ̀ rí.

Ẹ̀yin awakùsà Kaltenrode, n kò tọrọ àforíjì fún ara mi. N kò tilẹ̀ ní kí ẹ gbà mí gbọ́ nítorí tèmi, torí ẹ kò ní ìdí kan láti ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹ̀yin lẹ bá a wọ inú ilẹ̀, ẹ mọ̀ ọ́n ju bí mo ṣe mọ̀ ọ́n lọ. Ohun tí ẹ mọ̀ nípa rẹ̀ ni kí ẹ fi dájọ́, kí ẹ fi ẹnu mi sílẹ̀. Ó ṣeé ṣe kí n má sí mọ́ nígbà tí ọjọ́ náà bá dé. Irmtraud yóò wà níbẹ̀. Etí rẹ̀ kò gbọ́ràn dáadáa mọ́. Nítorí náà, bí ẹ bá pinnu láti ka orúkọ ọkọ rẹ̀, mo bẹ̀ yín, ẹ kà á sókè.